Orin Àlejò Lẹ́nu Ìyá

Ẹ̀yin ìyá ọmọ, níhìn-ín ní Òkèrèwè, bí ọmọ yín bá ń kọ orin òyìnbó, ẹ má tètè bá a wí. Ní ọdún 1980, ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì Talking Heads ti Amẹ́ríkà gbé àwo Remain in Light jáde. Ìlù Fẹlá wà lára ohun tí wọ́n fi ṣe àwòkọ́ṣe. Ní ọdún 2018, Angélique Kidjo, ọmọ ilẹ̀ Benin, tún gbogbo rẹ̀ kọ. Orin tí ó jẹ́ ìbéèrè ọkùnrin tí ayé rú lójú wá di ayọ̀ obìnrin tí ó mọ orísun rẹ̀. Ẹ gba orin náà lẹ́nu ọmọ yín, kí ẹ fi oríkì rẹ̀ sí i. Orin tí ìyá bá fi pọn ọmọ, ti ọmọ náà ni.