Ìyà Tí Ó Tọ́ Sí Òṣìṣẹ́ Oko Tí Ó Pa Iṣẹ́ Jẹ Láìgbàyè

Ẹ̀yin àgbẹ̀ wa ní Òṣogbo àti ní gbogbo ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà, lórí àwọn tí ń bá yín ṣiṣẹ́ ni a fẹ́ bá yín sọ̀rọ̀ lọ́tẹ̀ yìí. Púpọ̀ nínú yín ni ó ní lébìrà kan tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn kan ti ilẹ̀ Ìgbìrà wá, àwọn mìíràn ti ilẹ̀ Àgàtú tàbí Tógò wá. Nígbà tí ọ̀kan nínú wọn bá pa iṣẹ́ jẹ láìgbàyè, ohun tí a sábà máa ń gbọ́ ni pé ọ̀gá lé e lọ lójú ẹsẹ̀, tàbí pé ó di owó iṣẹ́ tí ó ti ṣe sẹ́yìn mú. Èrò tiwa ni pé ìyà méjèèjì yìí máa ń ju ẹ̀ṣẹ̀ lọ lọ́pọ̀ ìgbà, àti pé àgbẹ̀ fúnra rẹ̀ ni í pàdánù jù níkẹyìn.

A kò sọ pé pípa iṣẹ́ jẹ jẹ́ ohun kékeré. Ẹ wo kòkó tí a ti fọ́, tí a kó sínú apẹ̀rẹ̀, tí a fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ bò. Ó gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀ fún nǹkan bí ọjọ́ 6, a sì gbọ́dọ̀ yí i ní ọjọ́ kejì àti ní ọjọ́ kẹrin. Bí ẹni tí yóò yí i kò bá wá, ti òkè kò ní rí bí ti ìsàlẹ̀, òmíràn a bu, ẹni tí ń ra kòkó a sì gé owó rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni ó rí nígbà òjò, tí àrùn tí ń sọ èso kòkó di dúdú ń jà, tí a ní láti máa fín oògùn ní nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta mẹ́ta. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò wá ní ọjọ́ tí a fẹ́ ro abẹ́ kòkó lè ro ó ní ọ̀la; koríko kò ní sá lọ. Ọjọ́ kan ni àwọn méjèèjì pa jẹ, àdánù wọn kò sì dọ́gba. Nítorí náà, kí a tó dá ẹnikẹ́ni lẹ́jọ́, kí a wo ohun tí ó bàjẹ́, kí a wo ìdí tí kò fi wá, kí a sì wo ìwà rẹ̀ látẹ̀yìnwá.

Ìdí yìí ni àwọn ọ̀gá kì í ní sùúrù láti gbọ́. Agbẹ́jọ́ ẹnì kan dá, àgbà òṣìkà. Kí ẹ tó gba ẹlòmíràn sípò rẹ̀, ẹ pè é lórí fóònù. Bí kò bá wọlé, ẹ rán ènìyàn sí ibi tí ó ń sùn. Ó lè jẹ́ pé ibà ni ó dá a dùbúlẹ̀. Òfin Iṣẹ́ ti Nàìjíríà, tí ó ti wà láti 1974, sọ pé òṣìṣẹ́ lè gba owó rẹ̀ fún ọjọ́ iṣẹ́ tí ó tó 12 nínú ọdún kan bí àìsàn bá dá a dúró, tí dókítà sì jẹ́rìí sí i. Ṣùgbọ́n ẹni tí ara rẹ̀ le, tí fóònù wà lọ́wọ́ rẹ̀, tí kò sì ránṣẹ́, ẹ̀ṣẹ̀ tirẹ̀ wúwo.

Ní ti owó, òfin kan náà kò gbà kí ọ̀gá bu owó ìtanràn kúrò nínú owó iṣẹ́. Bí a kò bá san owó ojúmọ́ fún ọjọ́ tí lébìrà kò ṣiṣẹ́, kò sí ẹni tí yóò bá wa wí. Owó ọjọ́ tí ó ti ṣe ni a kò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kàn. Ẹ̀yin Ìjẹ̀ṣà, tí àwọn bàbá yín lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà ẹni tí ó jẹ wọ́n lówó aṣọ títí a fi ń pè wọ́n ní òṣómàáló, ẹ mọ bí owó òógùn ẹni ti ń dunni tó.

Ní ìgbà àkọ́kọ́, ẹ pè é sí kọ̀rọ̀, kí ẹ bá a wí. Bí ó bá tún ṣe é, ẹ fún un ní ìwé ìkìlọ̀, kí ẹ sì kà á sí i létí níwájú ẹlẹ́rìí bí kò bá mọ̀wé. Ẹ lè mú un kúrò nídìí apẹ̀rẹ̀ kòkó, kí ẹ fi í sídìí oko ríro, níbi tí àìwá rẹ̀ kò ti ní ba ohun púpọ̀ jẹ́. Bí ó bá di ẹ̀ẹ̀kẹta láìnídìí, ẹ jẹ́ kó lọ, ṣùgbọ́n ẹ fún un ní àsìkò tí òfin là sílẹ̀. Ẹni tí ó ti bá yín ṣiṣẹ́ ju oṣù mẹ́ta lọ tí kò tíì pé ọdún méjì yóò gbọ́ ní ọ̀sẹ̀ kan ṣáájú. Ẹni tí ó ti lo ọdún márùn-ún yóò gbọ́ ní oṣù kan ṣáájú. Lílé lójú ẹsẹ̀ wà fún irú ẹni tí ó mọ̀ọ́mọ̀ fi kòkó sílẹ̀ nínú apẹ̀rẹ̀, tí ó lọ gbàṣẹ́ lọ́dọ̀ aládùúgbò. Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba pàápàá, tí ìlànà iṣẹ́ wọn sọ pé a lè lé ẹni tí ó bá pa iṣẹ́ jẹ láìgbàyè, ìlànà kan náà fún wọn láyè láti sọ ìdí tí ìyà náà kò fi yẹ kó pé lórí wọn.

Ó ku ọ̀ràn ọdún ìbílẹ̀, èyí tí ó rọrùn jù. Gbogbo wa ni a mọ̀ pé oṣù Ògọ́ọ̀sì ni ọdún Ọ̀ṣun Òṣogbo, àti pé Ìwúde Iléṣà máa ń bọ́ sí oṣù Dìsẹ́ńbà, nígbà tí kòkó pọ̀ lóko. Àwọn lébìrà náà ní ọdún tiwọn nílé. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù, ẹ bi olúkúlùkù léèrè ọjọ́ tí ó fẹ́ gbàyè, kí ẹ kọ ọ́ sínú ìwé kan ṣoṣo tí gbogbo wọn lè rí, kí ẹ má sì fọ́ kòkó tuntun ní ọ̀sẹ̀ tí púpọ̀ nínú wọn kò ní sí nílé.