Kì Í Ṣe Mọ́tò Ni Béère Fi Sílẹ̀ fún Wa

Ẹ bi ọmọ iléèwé léèrè pé ta ni Olúfúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, tí a ń pè ní Béère. Kíá ni yóò dáhùn: obìnrin àkọ́kọ́ tó wa mọ́tò ní Nàìjíríà, ìyá Fẹlá. Ìdáhùn yẹn ń bí mi nínú. Àwa àgbà la kọ́ ọmọ náà bẹ́ẹ̀, a fi mọ́tò bo ìjà mọ́lẹ̀.

Owó orí ló dá ìjà ọ̀hún sílẹ̀. Láti 1918 làwọn obìnrin Ẹ̀gbá ti ń san tiwọn lọ́tọ̀ sí ti ọkọ, síbẹ̀ wọn kò ní ẹnì kan ṣoṣo níbi tí wọ́n ti ń ná an. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, àwọn aláṣẹ tún ń gba ìrẹsì lọ́wọ́ àwọn ọlọ́jà. Àwọn obìnrin sọ ọ́ síta pé àwọn agbowó-orí ń tú aṣọ lára ọmọbìnrin láti mọ̀ bóyá ó ti tó ẹni tí ń sanwó. Ìyá wo ni ara rẹ̀ yóò gba irú èyí? Ní ìparí oṣù kọkànlá 1947, ẹgbẹẹgbẹ̀rún wọn sùn mọ́jú níwájú ààfin Aké ní Abẹ́òkúta, ààfin Aláké, ọba Ẹ̀gbá. Nígbà tí ìjọba kò yọ̀ǹda ìwọ́de fún wọn, wọ́n ní pikiníìkì làwọn ń lọ. Ìyàwó ọ̀gá iléèwé àti aláte tí kò mọ̀wé jọ wà nínú ẹgbẹ́ kan náà tí Béère ń darí. Béère fúnra wọn pa gáùn tì, wọ́n ró ìró, wọ́n ń fi Yorùbá sọ̀rọ̀.

Àwọn kan ṣì ń sọ pé àfojúdi sí adé ni. Irọ́ ni! Òyìnbó ló kó agbára ìlú lé Aláké nìkan lọ́wọ́. Kí wọ́n tó dé, àwọn Ògbóni kì í jẹ́ kí ọba dá ṣe é, Ẹ̀gbá sì ti fi Màdáámù Tinúbú jẹ Ìyálóde láti 1864. Ohun tí wọ́n gbà lọ́wọ́ obìnrin lobìnrin lọ gbà padà. Ní oṣù kìíní 1949, Aláké Adémọ́lá Kejì fi oyè sílẹ̀. Owó orí obìnrin dópin, obìnrin mẹ́rin sì wọ ìgbìmọ̀ ìlú. Kábíyèsí padà sórí oyè ní 1950. Adé kò bàjẹ́.

Nítorí náà, olóṣèlú tó ń já tíkẹ́ẹ̀tì fún aláte láràárọ̀, tí kò sì sọ ibi tí owó náà ń wọ̀ fún un, kò lẹ́tọ̀ọ́ láti dárúkọ Béère nígbà ìpolongo. Kí ìjọba ìbílẹ̀ kọ̀ọ̀kan ka owó ọjà síta lóṣooṣù lójú àwọn tó san án, kí àwọn ọlọ́jà sì fúnra wọn yan obìnrin tí yóò jókòó níbi tí wọ́n ti ń ná an, kì í ṣe ìyálọ́jà tí ẹgbẹ́ òṣèlú fi jẹ.