Òrí Kì Í Ṣe Omi: Ọ̀rọ̀ Lórí Irun Àwọn Ọmọbìnrin Wa

Ẹ̀yin ọmọ Oòduà tó fi ìlú Kàdúná ṣe ilé, láti Kawo dé Kakuri, láti Tudun Wada dé Sabon Tasha, lọ́dọọdún, ọ̀rọ̀ ìṣọ̀kan, ọ̀rọ̀ èdè àti ọ̀rọ̀ oyè ló máa ń kún inú ìwé ìrántí wa, ó sì dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n lọ́dún yìí, ọ̀rọ̀ irun orí àwọn ọmọbìnrin wa ni mo gbé wá. Bí ẹnikẹ́ni bá rò pé ọ̀rọ̀ kékeré ni, kí ó rántí pé àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́.

Èmi tí mò ń kọ èyí ti lé ní àádọ́ta ọdún. Iṣẹ́ ìjọba ni mò ń ṣe. N kì í ta òrí, n kì í sì í ta rìlásà. Ohun tí ojú mi ń rí ní àdúgbò, ní ṣọ́ọ̀ṣì, ní ilé ìkómọ àti níbi ìpàdé wa gan-an ni kò jẹ́ kí n lè dákẹ́ mọ́.

Oríṣi ìyá méjì ló wà láàárín wa. Ti àkọ́kọ́ ni àwọn tó gba òrí gbọ́ ju bó ti yẹ lọ. Bí ọyẹ́ bá ti dé, tí afẹ́fẹ́ gbígbẹ láti aṣálẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ wọ ìlú, wọn a bu òrí bí òkèlè iyán, wọn a fi ra irun ọmọ tó ti gbẹ láti àná. Nígbà tó bá fi máa di ìrọ̀lẹ́, ojú irun á máa dán, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ á gbẹ bí háhá àgbàdo. Lọ́jọ́ kejì, wọn a tún bu òkèlè mìíràn lé e. Ti ìkejì ni àwọn tó ti pa òrí tì pátápátá. Wọ́n ní ó ń rùn, wọ́n ní ohun àwọn ará oko ni. Ìpara inú ike tí wọ́n kọ èdè òyìnbó sí lára ni wọ́n ń fi owó gidi rà, bẹ́ẹ̀ òrí wà nínú ọ̀pọ̀ nínú àwọn ìpara ọ̀hún.

Bí ọ̀rọ̀ bá sì ti sú oríṣi ìyá méjèèjì, ọ̀rọ̀ kan náà ló máa ń ti ẹnu wọn jáde: "Irun ọmọ yìí burú, kò gba nǹkan kan." Nígbà tó bá di Sátidé, ọmọ ọdún mẹ́fà ti wà lórí àga onídìrí, wọ́n ti ń po rìlásà sílẹ̀ dè é.

Àwọn méjèèjì ni mo wá bá wí. Òrí kì í ṣe omi! Omi ni irun tó gbẹ ń wá. Iṣẹ́ tí a bẹ òrí ni pé kí ó ṣọ́ omi tó ti wọ inú irun, kí oòrùn àti ọyẹ́ má baà fà á lọ. Ta ni í ti ilẹ̀kùn ilé òfìfo pa, kí ó tún wá máa bi kọ́kọ́rọ́ pé ibo ni ẹrù wà?

IRUN TÍ Ń KỌ OMI

Bí a bá fi ẹ̀rọ máíkírósíkóòpù wo fọ́nrán irun kan, a óò rí i pé ìpẹ́ wẹ́wẹ́ ló bò ó lára bíi ti ẹja, ọ̀kan gun orí èkejì bí páànù orí ilé. Ẹnu ìpẹ́ yìí ni omi ń gbà wọlé. Lórí ẹlòmíràn, ìpẹ́ náà ń lanu díẹ̀. Lórí ẹlòmíràn, ó lẹ̀ mọ́ra típẹ́típẹ́, ọ̀rá àdámọ́ tín-ínrín kan sì tún wà lójú rẹ̀ tí kì í fẹ́ kí omi dúró. Irun bẹ́ẹ̀ ni mò ń pè ní irun tí ń kọ omi.

Kò ṣòro láti dá a mọ̀. Bí ẹ bá wọ́n omi sí i, omi náà á máa yí gbirigbiri lórí rẹ̀ bí omi orí ewé kókò. Bí ẹ bá ń fọ̀ ọ́, ó máa ń pẹ́ kí ó tó rin. Bí ó bá sì ti rin tán, ó máa ń pẹ́ kí ó tó gbẹ. Bí ẹ bá fi ìpara sí i, ojú rẹ̀ ni ìpara náà máa ń jókòó sí, á máa yí aṣọ ìrọ̀rí.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fetí sílẹ̀ dáadáa: èyí kì í ṣe àrùn, kì í sì í ṣe irun burúkú. Irun tí ìpẹ́ rẹ̀ pa dé jẹ́ irun tí ohunkóhun kò tíì bà jẹ́. Ọmọ ìyá méjì lè wà, kí ti ọ̀kan máa gba omi, kí ti èkejì máa kọ̀ ọ́. Ìyá tó bá ń sọ lójú ọmọbìnrin rẹ̀ pé irun rẹ̀ burú ń gbin ohun tí yóò pẹ́ kí ó tó fà á tu lọ́kàn ọmọ náà.

OHUN TÍ ÒRÍ LÈ ṢE

Ọ̀rá méjì ló pọ̀ jù nínú òrí. Àwọn onímọ̀ ń pè wọ́n ní oleic àti stearic. Stearic yìí ló ń mú kí òrí dì gbagidi nígbà òtútù, tí ó sì ń yọ́ bí ìgbóná bá ti sún mọ́ ti ara ènìyàn. Ọ̀rá tó wúwo ni. Ojú irun ni èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ ń dúró sí. Òróró àgbọn ní tirẹ̀ fúyẹ́. Ní ọdún 2003, àwọn onímọ̀ méjì ní Íńdíà, Rele àti Mohile, tẹ ìwádìí kan jáde níbi tí wọ́n ti fi òróró àgbọn wé òróró sunflower àti òróró tí wọ́n ń fà jáde láti ara epo rọ̀bì. Ti àgbọn nìkan ló ń wọ inú irun dáadáa tí ó sì ń dín bí èròjà purotéènì ṣe ń ṣòfò kù.

Ṣé mo wá ń bu ẹnu àtẹ́ lu òrí ni? Rárá o. Dídúró lójú irun yẹn gan-an ni iṣẹ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí irun tí ń kọ omi bá gbẹ, tí ẹ wá lọ fi òkèlè òrí bò ó, ẹ ti fi ògiri dí ẹnu ọ̀nà tó ti há tẹ́lẹ̀. Omi tí ẹ bá wọ́n sí i lẹ́yìn náà kò ní rí ibi wọ̀. Eruku ọyẹ́ Kàdúná yóò sì wá lẹ̀ mọ́ ọn, títí tí òòyà kò fi ní lè kọjá nínú rẹ̀ mọ́. Ẹ̀bi ta wá ni?

Ẹlòmíràn á ní, "Òrí náà ṣáà ni àwọn ìyá wa fi pa wá lórí." Lóòótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ẹ rántí dáadáa, ẹ̀yin tí ẹ jókòó sáàárín ẹsẹ̀ ìyá yín kí a tó di irun yín ní ṣùkú tàbí ìpàkọ́ ẹlẹ́dẹ̀. Ṣé òrí nìkan ló wà nílẹ̀ ni? Abọ́ omi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ìyá á ti ọwọ́ bọ omi, á fi tọ́ irun, kí ó tó fi ìka kan bu òrí, tí á fi ra àtẹ́lẹwọ́ títí tí yóò fi yọ́. Òrí nìkan ni a gbé wá sí àjò, a fi abọ́ omi sílẹ̀ nílé.

RÌLÁSÀ KỌ́ NI Ọ̀NÀ ÀBÁYỌ

Àwọn onídìrí kan á sọ fún yín pé, "Ẹ wò ó, láti ìgbà tí a ti fi rìlásà sí i, ó ti ń gba omi." Òótọ́ ni wọ́n sọ, ṣùgbọ́n kí ló fà á? Bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kò lè wọ ibẹ̀. Rìlásà ti la ìpẹ́ irun náà lẹ́nu tipátipá. Bí omi ṣe ń yára wọlé ni yóò máa yára jáde, irun á sì máa já. Nínú ọ̀pọ̀ rìlásà, sodium hydroxide ló wà níbẹ̀, èyí tí àwọn tó ń se ọṣẹ mọ̀ dáadáa sí kọ́sítíìkì sódà. Àwọn tí wọ́n kọ "no lye" sí lára náà kò rọ̀, èròjà mìíràn tó le ni wọ́n fi rọ́pò rẹ̀. Ohun tí ń jó ọwọ́ ọlọ́ṣẹ ni a ń fi sí àwọ̀ orí ọmọ tí kò tíì lè ka ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tán! Mo ti fi ojú mi rí egbò ní ìpàkọ́ ọmọdé láìmọye ìgbà, tí ìyá rẹ̀ ń sọ pé, "Ó máa jiná, ẹwà ló ń wá."

Ní oṣù kẹwàá ọdún 2022, àjọ ìwádìí ìlera ìjọba Amẹ́ríkà tí à ń pè ní NIH gbé àbájáde ìwádìí kan jáde. Obìnrin 33,497, tí ọjọ́ orí wọn wà láàárín ọdún 35 sí 74, ni wọ́n tẹ̀lé fún nǹkan bí ọdún mọ́kànlá. Àwọn tó lo èròjà tí ń na irun ju ẹ̀ẹ̀mẹrin lọ láàárín ọdún kan ní jẹjẹrẹ ilé ọmọ ní ìlọ́po méjì àti jù bẹ́ẹ̀ lọ sí àwọn tí kò lò ó. Wọ́n ṣírò rẹ̀ pé nínú 100 obìnrin tí kò lò ó, kò tó 2 tí àrùn náà yóò mú kí wọ́n tó pé 70 ọdún, ṣùgbọ́n nínú 100 tó ń lò ó lemọ́lemọ́, ó tó 4. Ìwádìí náà kò fi dá wa lójú pé èròjà yìí gan-an ló fa àrùn náà, àrùn ọ̀hún kò sì wọ́pọ̀. Síbẹ̀, ta ni yóò gbọ́ irú èyí tí kò ní dúró rò ó wò kí ó tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ lórí ọmọ ọdún mẹ́fà?

Ẹ̀yin bàbá náà, ẹ má rò pé ọ̀rọ̀ obìnrin ni. Ẹ̀yin lẹ ń yọ owó ṣọ́ọ̀bù onídìrí lápò, ẹ kì í sì í béèrè ohun tí wọ́n fẹ́ fi sí ọmọ yín lórí.

BÍ Ó ṢE YẸ KÍ A LÒ Ó

Èkíní, ẹ fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ àti ọṣẹ tí kò le fọ irun náà, kí òrí àtijọ́ lè kúrò. Ọṣẹ ìfọṣọ kọ́ o. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀ kan tàbí ọ̀sẹ̀ méjì ti tó.

Èkejì, ìgbóná díẹ̀ máa ń ran irun tí ń kọ omi lọ́wọ́ láti gbà á. Ẹ bọ táwẹ́ẹ̀lì sínú omi lílọ́wọ́ọ́wọ́, ẹ fún un, ẹ fi wé irun tó rin náà fún bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Kí ẹ kọ́kọ́ fi sí ọrùn ọwọ́ tiyín wò, kí ó má baà jó ọmọ.

Ẹ̀kẹta, nígbà tí irun ṣì tutù, ẹ pín in sí mẹ́rin tàbí mẹ́fà. Fún ìpín kọ̀ọ̀kan, òrí tó tó ẹyọ ẹ̀pà kan ti tó. Ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ yọ́ ọ títí tí yóò fi di òróró, ẹ wá fi pa irun láti àárín dé ṣóńṣó, níbi tí ó ti ń ṣẹ́ jù. Bí ó bá ṣì wúwo, ẹ fi òróró àgbọn là á.

Ẹ̀kẹrin, ẹ dì í tàbí kí ẹ fi òwú kó o. Òwú yóò na irun tó ká láìsí iná, láìsí kẹ́míkà. Bí ó bá di alẹ́, ẹ fi gèlè rírọ̀ wé e.

Ẹ̀karùn-ún, bí ó bá gbẹ kí ọ̀sẹ̀ tó pé, omi ni kí ẹ kọ́kọ́ wọ́n sí i. Ẹ má sáré bu òrí lé e.

Mo mọ̀ pé ẹnì kan á ní, "Màmá, omi dà?" Òótọ́ ni, ọ̀pọ̀ àdúgbò wa ló jẹ́ pé mai ruwa là ń dúró dè. Ṣùgbọ́n abọ́ omi kan tó láti fi tọ́ irun, garawa kan sì tó láti fi fọ̀ ọ́. Owó rìlásà ẹ̀ẹ̀kan yóò ra omi bẹ́ẹ̀ fún ìgbà pípẹ́. Kí n má sì gbàgbé: bí làpálàpá bá mú ọmọ lórí, òrí kò wò ó. Ẹ gbé e lọ sí ọsibítù, nítorí oògùn lílò láti ẹnu ni ó sábà máa ń gbà.

OHUN TÓ WÀ LẸ́SẸ̀ WA

Àwọn àgbà ní oògùn tí a kò fowó ṣe, ẹ̀yìn ààrò ní í gbé. Igi òrí kì í hù nínú igbó kìjikìji. Ilẹ̀ ọ̀dàn ni ilé rẹ̀. Àwa tí a wà ní Kàdúná sún mọ́ ọn ju àwọn ará Èkó lọ. Àwọn ará Ṣakí àti Òkè-Ògùn mọ̀ ọ́n, àwọn obìnrin Nupe ní ìpínlẹ̀ Niger ń ṣe é, àwọn aládùúgbò wa Hausa sì ń pè é ní man kaɗanya. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2025, ìjọba àpapọ̀ fi òfin de kíkó èso rẹ̀ tí a kò tíì sọ di òrí lọ sí òkè òkun fún oṣù mẹ́fà. Igbákejì Ààrẹ Kashim Shettima sọ nígbà náà pé nǹkan bí ìdá 40 nínú 100 èso òrí àgbáyé ló ń ti ilẹ̀ wa jáde, ṣùgbọ́n ìdá 1 péré ni à ń rí nínú owó ọjà rẹ̀. Àwọn ẹlòmíràn ń rà á, wọ́n ń rọ ọ́ sínú ike, àwa náà sì ń fi owó rà á padà, à ń sọ pé èyí tó wà ní ọjà Kawo ń rùn. Èyí tó ti pẹ́ tó sì ti bàjẹ́ ni ń rùn burúkú. Ẹ ra èyí tó jẹ́ tuntun, ẹ dé e dáadáa, ẹ gbé e síbi tó tutù.

Nítorí náà, mo bẹ ẹ̀yin ìyá ẹgbẹ́: ní ìpàdé àwọn obìnrin tó ń bọ̀, ẹ jẹ́ kí á gbé abọ́ omi àti igbá òrí sílẹ̀, kí àwọn àgbà fi ọ̀nà rẹ̀ han àwọn ìyàwó kéékèèké. Kí á sì jọ fẹnu kò pé rìlásà kò ní kan orí ọmọ ilé wa kankan títí yóò fi dàgbà tó láti fi ẹnu ara rẹ̀ yàn.

Èdùmàrè yóò bá wa wo àwọn ọmọ wa. Orí wọn kò ní gbàbọ̀dè.