Ẹ̀jẹ̀ Yorùbá Lórí Íntánẹ́ẹ̀tì: Ta Ló Ń Kà Á?

Láti Bọ́ládé ní Òṣòdì títí wọ Ìsọlọ̀, èèyàn kì í rìn jìnnà kó tó kan yàrá àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀. Àwọn àfẹ́sọ́nà á wọlé, wọ́n á na apá, wọ́n á gba bébà tó gbé lẹ́tà méjì, bíi AA, AS tàbí SS. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ wa ń bá ọ̀rọ̀ jẹ́nótáìpù dé, a kì í kọjá ibẹ̀. Ó yẹ ká kọjá ibẹ̀.

Nígbà tí iṣẹ́ ìwádìí HapMap bẹ̀rẹ̀ ní 2002, Yorùbá Ìbàdàn wà lára àwùjọ mẹ́rin tí iṣẹ́ náà kọ́kọ́ lo ẹ̀jẹ̀ wọn láti fi mọ ìyàtọ̀ inú DNA ọmọ ènìyàn. Ní Ìbàdàn, ẹ̀jẹ̀ bàbá, ìyá àti ọmọ ni wọ́n gbà pa pọ̀, òbí àgbà ẹni mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sì gbọ́dọ̀ jẹ́ Yorùbá. Charles Rotimi, ọmọ Nàìjíríà, wà lára àwọn tó ṣáájú iṣẹ́ náà. Nígbà tí iṣẹ́ 1000 Genomes, tó tẹ̀lé e, parí ní 2015, ènìyàn 2,504 ló wà nínú rẹ̀. 108 jẹ́ Yorùbá Ìbàdàn, 99 jẹ́ Ẹ̀sán.

Dátà 1000 Genomes yìí wà lórí àwọn ìkànnì Ensembl àti UCSC Genome Browser, lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ tẹ rs334 sínú Ensembl lórí fóònù yín, yóò gbé yín dé kúrómósómù 11, níbi jíìnì HBB. Lẹ́tà kan péré, nínú nǹkan bíi bílíọ̀nù mẹ́ta, ló yí padà níbẹ̀ tí fòníkú-fọ̀ladìde fi ń wáyé. Ẹ wo àwòrán róbótó tó ń fi àwùjọ kan wé èkejì: ti Tokyo àti ti Beijing, àwọ̀ kan ni. Ti Ìbàdàn ní àwọ̀ kejì, ìyẹn lẹ́tà tó yí padà náà. Ibà ló fà á. Ibà kì í tètè pa ọmọ tó jẹ́ AS, bẹ́ẹ̀ ni lẹ́tà náà ṣe pọ̀ láàárín wa.

Ní oṣù Kejìlá 2023, Amẹ́ríkà fọwọ́ sí Casgevy, ìtọ́jú fòníkú-fọ̀ladìde tó ń lo ohun kan tó dà bí ọ̀bẹ láti gé ibì kan nínú jíìnì BCL11A kí ara aláìsàn lè tún máa ṣe irú hìmóglóbìn tí ọmọ inú oyún ń lò. Ṣáájú ìgbà yẹn ni àwọn onímọ̀ ní Boston àti Verona gbé irinṣẹ́ CRISPRme jáde, èyí tó ń wá ibi tí irú ọ̀bẹ bẹ́ẹ̀ lè ṣèèṣì gé. Wọ́n rí i pé lẹ́tà kan tó wọ́pọ̀ láàárín àwọn tó ní ìran Áfíríkà lè mú ọ̀bẹ tó ń gé BCL11A ṣìnà. Ká ní kò sí DNA irú wa nínú ohun tí wọ́n fi wéra ni, bóyá ni ì bá hàn.

Èyí ló ń dùn mí. Nàìjíríà ni wọ́n ti ń bí ọmọ tó ní fòníkú-fọ̀ladìde jù lágbàáyé, síbẹ̀ àwọn tó ń ka DNA wa jù ń gbé lókè òkun.

Ensembl kò lè sọ jẹ́nótáìpù ẹnikẹ́ni fún un o. Iṣẹ́ yàrá àyẹ̀wò ni ìyẹn. Ṣùgbọ́n ó lè sọ ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama di onímọ̀. Ẹ̀yin olùkọ́ bàọ́lọ́jì ní Òṣòdì, Mafólùkù àti Ìsọlọ̀, ẹ má dúró de kọ̀ǹpútà. Fóònù kan tó fún kíláàsì kan. Kí ìjọba ìbílẹ̀ Òṣòdì-Ìsọlọ̀ sì bá wọn san owó dátà.