Òṣìṣẹ́ Nìkan Ni Yóò Fara Dà Á Bí?

Ẹ̀yin awakọ̀ àti òṣìṣẹ́ Ìkẹ́rẹ́, ta ló ní a kì í ṣòfin owó iṣẹ́ nígbà ọ̀dá owó? Nígbà tí ọrọ̀-ajé Amẹ́ríkà dẹnu kọlẹ̀, Ààrẹ Roosevelt àti Frances Perkins, obìnrin tó fi ṣe mínísítà òṣìṣẹ́, ṣe é ní 1938: ní ọ̀pọ̀ ilé iṣẹ́, owó wákàtí kan kò gbọdọ̀ dín ní sẹ́ǹtì 25.

Tiwa ńkọ́? Lásìkò ogun abẹ́lé, ìjọba Gowon, tí Awólọ́wọ̀ ń bójú tó àpò rẹ̀, fòfin de ìyanṣẹ́lódì ní 1969. Ẹ̀wọ̀n ni fún ẹni tó bá daṣẹ́ sílẹ̀! Ọjà ń gbówó lórí, ẹnu òṣìṣẹ́ wà ní dídì. Ogun parí tán ní 1970 kí wọ́n tó gbé ìgbìmọ̀ Adébọ̀ dìde lórí owó oṣù. Bí ìjọba kan bá tún ní ká fara dà á, owó oṣù tó kájú ọjà ni kó kọ́kọ́ fi sófin.