Bọ́ọ̀lù, Ẹgbẹ́ àti Ìtìjú Ọkùnrin

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà. Orí pápá bọ́ọ̀lù ni òwe yìí ti ń hàn kedere jù lọ. Iṣẹ́ mẹkáníìkì ni olóògbé Mudashiru Lawal ń ṣe kí ó tó di ọmọ ẹgbẹ́ Shooting Stars ìlú Ìbàdàn. Ní ọdún 1976, òun, Ṣẹ́gun Ọdẹ́gbàmí àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn ni ẹgbẹ́ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí ó gba ife-ẹ̀yẹ láàrin àwọn ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù ilẹ̀ Áfíríkà. Nígbà tí Nàìjíríà sì na Algeria ní góòlù mẹ́ta sí òdo l'Ékòó ní 1980, Ọdẹ́gbàmí gbá méjì wọlé, Lawal gbá ẹ̀kẹta. Ẹgbẹ́ a máa sọ ẹni tí a kò mọ̀ di ẹni àpéwò.

Ṣùgbọ́n ẹ̀yin òǹkàwé mi, ẹgbẹ́ kan náà a máa kọ́ ọ̀dọ́kùnrin láti fi ẹ̀jẹ̀ sínú, kí ó tu itọ́ funfun jáde. Ẹlẹgbẹ́ wa kan fi orúnkún rọ́ nígbà ìgbáradì. Kò sọ fún akọ́nimọ̀ọ́gbá. Èmi gan-an ni mo bá a fi aṣọ dì í kí ó lè gbá bọ́ọ̀lù lọ́jọ́ kejì. Lẹ́yìn náà ni ó sọ fún mi pé ìrora kọ́ ni òun bẹ̀rù. Òun bẹ̀rù pé a ó máa pe òun ní obìnrin. Lónìí, ó ń di ara ògiri mú kí ó tó lè gun àtẹ̀gùn. Nínú àwa tí à ń hó yèè fún un, mélòó ni ó ń yà kí i? Ẹsẹ̀ gìrìgìrì nílé àńjọ̀fẹ́. Àńjọ̀fẹ́ kú, a ò rẹ́nì kan.

Ẹnì kan lè wí pé eré bọ́ọ̀lù kì í ṣe ti ojo. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n akínkanjú tí ó mọ ìjà tí kò mọ ìsá ní í bá ogun lọ. Òfin bọ́ọ̀lù pàápàá gba ìpààrọ̀ láàyè, nítorí pé àwọn tí ó ṣe é mọ̀ pé ènìyàn ẹlẹ́ran-ara ni ń gbá a. Kí ló dé tí àwa fi sọ ọ́ di ẹ̀gàn?

Ẹ̀yin balógun ẹgbẹ́ gbogbo, kí ẹ tó pín aṣọ, ẹ kọ́kọ́ bèèrè pé, "Ta ni ara rẹ̀ kò dá?" Ẹni tí ó bá sì dáhùn, ẹ má ṣe fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Ọkùnrin ni òun náà.