Òjò Kò Mọwọ́, Òjò Kò Mẹsẹ̀

Láti Owena dé Alade, títí dé Odòde-Idanre, ọ̀rọ̀ kan náà ló máa ń jáde lẹ́nu oníkòkó bí oṣù kẹjọ bá wọlé: “Òjò ti ba kòkó jẹ́.” Ẹni tó pàdánù ìdajì ìkórè rẹ̀ á wí i, ẹni tó ń ra kòkó á wí i, ọmọ tó ti ilé-ìwé gíga dé á gbè é lẹ́sẹ̀. Àwọn mìíràn á ní òtútù ni. Mo kọ ìwé yìí láti sọ pé kò rí bẹ́ẹ̀ rárá, àti pé ìgbàgbọ́ yìí ń gba owó lọ́wọ́ wa lọ́dọọdún. Ẹni tó bá gbà pé òjò ló pa kòkó òun kò rí ẹni tó máa bá jà. Á káwọ́ gbera, á fi èso tó ti dúdú sílẹ̀ lórí igi, á kó èèpo jọ síbi tó ti fọ́ kòkó, á wá máa retí ẹ̀ẹ̀rùn. Ohun tó ń pa kòkó kò fẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

N kò sọ pé òjò kò sí nínú ọ̀rọ̀ náà. Ohun alààyè tó ń pa kòkó kì í rìn láìsí omi. Irúgbìn rẹ̀, tí ojú lásán kò lè rí, máa ń lúwẹ̀ẹ́ nínú omi tó bà lé èso títí á fi ráyè wọ inú rẹ̀. Láàárín ọjọ́ mélòó kan, àmì á yọ lára èso. Àmì náà á gbilẹ̀, nígbà tó bá sì máa fi tó ọ̀sẹ̀ méjì, èso ti dúdú tán. Òjò sì tún ń ta erùpẹ̀ sókè lu èso tó wà nísàlẹ̀ igi. Ṣùgbọ́n òjò ni ọkọ̀ tí olè wọ̀ wá, òun kọ́ ni olè. Bu omi òjò tó mọ́ sára èso tó mọ́, kò ní tìtorí ẹ̀ jẹrà. Fi ohun alààyè yẹn sínú omi náà, kó o wá wò ó.

Ẹni tí èyí kò bá tíì tẹ́ lọ́rùn, kó wo Ghana. Ó pẹ́ tí àwọn oníkòkó ibẹ̀ ti mọ èso dúdú, ṣùgbọ́n àdánù tó ń mú wá ṣeé fara dà: nǹkan bíi 5 sí 19 nínú ọgọ́rùn-ún èso. Ní 1985, ní agbègbè Ashanti, èso bẹ̀rẹ̀ sí í dúdú lọ́nà tí ẹnikẹ́ni kò rí rí. Àwọn oko kan pàdánù ju 60 lọ nínú ọgọ́rùn-ún, àwọn mìíràn kò rí nǹkan kan ká. Irú rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ ní Togo ní 1982. Ṣé òjò tuntun ló ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀ ní Ashanti lọ́dún yẹn ni? Òjò tí bàbá wọn mọ̀ ni. Àlejò ló dé.

Phytophthora megakarya ni orúkọ àlejò náà. Phytophthora palmivora, tó jẹ́ ìbátan rẹ̀, ni Ghana ti ń bá jà láti ìgbà pípẹ́. Èèyàn á rò pé olú ni wọ́n, ṣùgbọ́n wọn kì í ṣe olú. Ìdílé ọ̀tọ̀ ni wọ́n ti wá. Títí di 1979, ẹyọ kan ṣoṣo ni ìwé sáyẹ́ǹsì ka àwọn méjèèjì sí. Ọdún náà ni àwọn onímọ̀ méjì, Brasier àti Griffin, fi hàn pé wọ́n yàtọ̀ láti inú wá: kúrómósóòmù megakarya tóbi, kò sì pọ̀ tó ti ìkejì. Palmivora wà káàkiri ayé níbi gbogbo tí ooru bá ti mú. Megakarya, ilẹ̀ Áfíríkà nìkan ló wà, Nàìjíríà àti Cameroon ló sì ti pẹ́ jù. Ohun tó jẹ́ àlejò fún Ghana, onílé ló jẹ́ lọ́dọ̀ tiwa. Bóyá ìdí nìyẹn tí ojú wa fi mọ́ ọn débi tí a fi ń pè é ní òjò.

Lára àwọn tó yẹ ọ̀rọ̀ yìí wò fínnífínní ní ilẹ̀ wa ni àwọn tó ṣiṣẹ́ ní Gambari, lẹ́bàá Ibadan. Gregory àti Maddison tẹ ìwé lé e lórí ní 1981. Lára ohun tí wọ́n rí ni pé inú ilẹ̀ ni àrùn náà ń sá pamọ́ sí lẹ́ẹ̀rùn, àti pé èèrà máa ń kó erùpẹ̀ gun igi láti fi kọ́ ilé sára èso, tí àrùn á sì bá erùpẹ̀ náà gòkè. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ní òjò ni, òjò kì í gun igi.

Ẹ̀rí tó wá wọ̀ mí lọ́kàn jù lọ ni ti ìdílé. Òjò kò ní ìran, kò ní ìbátan, ẹnikẹ́ni kò lè mọ èyí tó bí èyí. Ohun tó ń pa kòkó ní ìran, ó ní ìbátan. Ní 1999, Nyassé àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi DNA megakarya tí wọ́n kó jọ láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ wéra. Agbo méjì ni wọ́n rí. Ti Nàìjíríà, Togo àti Ghana jẹ́ agbo kan; ti Cameroon, Gabon àti São Tomé jẹ́ agbo kejì; ní ẹ̀bá ibodè Nàìjíríà àti Cameroon, wọ́n rí àwọn tó pa agbo méjèèjì pọ̀. Nínú agbo tiwa, wọ́n jọra púpọ̀, nítorí pé megakarya kì í sábà gùn. Ara rẹ̀ ló máa ń dà kọ. Bí èyí tó wà ní Togo bá wá jọ èyí tó wà ní Nàìjíríà tó bẹ́ẹ̀, kì í ṣe ìkùukùu ló gbé e kọjá Dahomey àtijọ́. Èèyàn ló gbé e: èso tí wọ́n fi ṣe irúgbìn, erùpẹ̀ ìdí ọmọ igi, àpò, bàtà, táyà ọkọ̀.

Ọ̀nà kan náà ni a fi ń tọpasẹ̀ ìrìn ọmọ ènìyàn. Nígbà tí iṣẹ́ ńlá lórí àbùdá ènìyàn, tí wọ́n pè ní HapMap, jáde ní 2005, ẹ̀jẹ̀ 90 ọmọ Yorùbá láti Ibadan wà lára ohun tí wọ́n yẹ̀ wò. Ohun tí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ń fi hàn lemọ́lemọ́ ni pé àwa ọmọ Áfíríkà ni àbùdá wa yàtọ̀ síra jù lọ láyé, àti pé bí èèyàn bá ṣe ń jìnnà sí Áfíríkà ni ìyàtọ̀ yẹn ń dín kù. Àwọn tó kúrò nílé kò pọ̀. Ìwọ̀nba tó wà lára wọn ni wọ́n kó lọ.

Kòkó náà kúrò nílé, díẹ̀ gan-an ló sì kó dání. Òkè odò Amazon ni ilé rẹ̀. Ní 1822 wọ́n gbé e láti Brazil wá sí Príncipe. Láti ibẹ̀ ó dé Fernando Po. Ní 1874, ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Squiss Bamego gbé e wá sí etí òkun wa ní Bonny. Láti ara igi díẹ̀, irú èyí tí a ń pè ní Amelonado, ni kòkó àwọn bàbá wa ti wá, ọmọ ìyá kan náà láti oko dé oko. Bí igi bá jọra tó bẹ́ẹ̀, àrùn tó bá ti rí ọ̀nà pa ọ̀kan ti rí ọ̀nà pa gbogbo wọn. Ó di 1944 kí onímọ̀ kan, Posnette, tó kó irúgbìn mìíràn wá sí Tafo ní Ghana, láti ara èyí tí onímọ̀ mìíràn, Pound, ṣà jọ ní òkè Amazon gan-an. Púpọ̀ nínú kòkó alámùúlùmálà tí a ń gbìn lónìí ló wá láti ibẹ̀.

Èyí ló mú kí n má fara mọ́ àwọn tó ń sọ pé àrùn náà á mọ́ igi lára. Ẹ wo àwa àti ibà. Nǹkan bí ẹni kan nínú mẹ́rin ní Nàìjíríà ni ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ jẹ́ AS. Ní 1954, Anthony Allison fi hàn pé ibà kì í lè tètè pa ọmọ tó jẹ́ AS. Ìdí nìyẹn tí àbùdá S kò fi parẹ́ láàárín wa, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọmọ SS ń jìyà fòníkú-fọ̀ladìde. Ìyá mélòó ló sin ọmọ kí ìyẹn tó rí bẹ́ẹ̀, láti ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún? Kòkó kò bá megakarya pàdé rí ní Amazon. Kò tíì pé igba ọdún tí wọ́n ti mọra, igi kòkó sì ń pẹ́ láyé, nítorí náà ìran rẹ̀ kò tíì pọ̀. Bí a bá ní ká dúró kí igi fúnra rẹ̀ kọ́gbọ́n, gbèsè ni a máa jẹ sílẹ̀ fún ọmọ wa.

Àwọn ìlú mìíràn ti ṣi òjò fẹ̀sùn kàn ṣáájú wa. Nígbà tí ọ̀dùnkún jẹrà ní Ireland ní 1845, ògbóǹkangí onímọ̀ ewéko bíi John Lindley ní ọ̀rinrin àpọ̀jù ni. Àlùfáà Berkeley kọ ọ́ ní 1846 pé ohun alààyè ni. Òótọ́ ló sọ: Phytophthora infestans ni, ìbátan èyí tó ń pa kòkó wa. Nǹkan bíi mílíọ̀nù kan èèyàn ló kú nínú ìyàn náà. Infestans yìí kan náà ló fi hàn ní 1980, ní Ireland àti Netherlands, pé oògùn metalaxyl kò ràn án mọ́. Oògùn kò gbó. Àwọn tí àbùdá wọn yàtọ̀ díẹ̀ ni kò kú, àwọn ló sì bímọ. Metalaxyl wà nínú Ridomil tí a ń fín sí kòkó. Ẹni tó bá ń fín oògùn kan ṣoṣo lọ́dọọdún, tó tún ń bu omi là á kó lè pọ̀, òun fúnra rẹ̀ ló ń yan èyí tó le jù nínú àrùn náà sílẹ̀. Oògùn tí wọ́n pò bàbà mọ́, àti pípààrọ̀ oògùn, ló yẹ ká máa bèèrè fún.

Ẹ̀ka kan lára ilé-iṣẹ́ ìwádìí kòkó Nàìjíríà, CRIN, wà ní Owena níbí. Ẹ̀tọ́ wa ni láti béèrè lọ́wọ́ wọn pé megakarya mélòó, palmivora mélòó ló wà ní oko tiwa, kí wọ́n sì jẹ́ kí irúgbìn tuntun tí wọ́n pè ní TC-1 dé TC-8 tẹ àgbẹ̀ kékeré lọ́wọ́, kó má jẹ́ ẹ̀dà kan ṣoṣo ni abúlé kan á máa gbìn.

Ṣùgbọ́n ìyókù wà lọ́wọ́ wa. Ká ká gbogbo èso dúdú kúrò lórí igi lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, ká sì rì í mọ́lẹ̀ jìnnà sí ìdí kòkó. Ká má fi èèpo sílẹ̀ lókìtì nínú oko. Ká rẹ́ ẹ̀ka kí atẹ́gùn lè wọlé. Ká má gba ọmọ igi pẹ̀lú erùpẹ̀ láti oko tí a kò mọ̀. Mo mọ ohun tẹ́ ẹ máa sọ: owó òṣìṣẹ́ ti wọ́n, bí ẹnì kan bá sì tún oko rẹ̀ ṣe tí aládùúgbò kò tún tirẹ̀ ṣe, àrùn á padà wá. Òótọ́ ni. Nítorí náà, iṣẹ́ àáró ni, kì í ṣe iṣẹ́ àdáṣe. Kí àwọn tí oko wọn pààlà bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹfà kí òjò tó gbó, oko kan lónìí, òmíràn lọ́la, láti òkè odò Owena wá sísàlẹ̀.